Ọjọ́ Tí Wọ́n Ní Kò Sí Níbẹ̀

Lẹ́tà náà wà lórí tábìlì láàárín búrẹ́dì àti ife tíì mẹ́ta, kò sì sẹ́ni tó fẹ́ fọwọ́ kàn án. Ọ̀sán àná ni lọ́yà yunifásítì fi í ránṣẹ́. Ojú ìwé kan péré ni, ó mọ́, ó ń dán, wọ́n sì ti fa ilà sí ìsàlẹ̀ rẹ̀ níbi tí wọ́n fẹ́ kí ọmọ náà fọwọ́ sí. Kí ó gbà pé òun kò wá síbi ìdánwò. Kí ó fa ẹjọ́ rẹ̀ kúrò ní kóòtù. Kí ó wá tún ọdún àṣekágbá kà láti ìbẹ̀rẹ̀. Bó bá ti lè ṣe bẹ́ẹ̀, wọn yóò fojú fo ọ̀rọ̀ náà dá.

"Wọn óò fojú fò ó dá," ni ìyá wí, ó ń fi ọ̀bẹ pa bọ́tà sára búrẹ́dì bí ẹni tó ń bá búrẹ́dì náà jà. "Ẹ gbọ́ o. Ẹni tó tẹsẹ̀ mọ́ ni lọ́rùn ló ń sọ pé òun ti dárí ji ọrùn."

Aránṣọ ni ìyá yìí. Ọkọ rẹ̀ ń jó irin pọ̀ di géètì àti fèrèsé. Ọmọbìnrin wọn kan ṣoṣo, tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Dókítà láti ọjọ́ tó ti wọ ilé-ẹ̀kọ́ ìṣègùn, jókòó láàárín àwọn méjèèjì, ó di ife tíì rẹ̀ mú, kò mu ún.

Oṣù mẹ́jọ sẹ́yìn ni Dókítà wọ wọ́ọ̀dù ọkùnrin pẹ̀lú aṣọ funfun lọ́rùn àti nọ́ńbà láyà, tó dúró ti bẹ́ẹ̀dì keje, tó yẹ aláìsàn wò lójú olùdánwò méjì, tó sì dáhùn gbogbo ìbéèrè wọn. Nígbà tí èsì jáde, ó yege nínú gbogbo èyí tó kọ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n níwájú ìdánwò ẹ̀bá ibùsùn, ọ̀rọ̀ mẹ́ta ni wọ́n tẹ̀ síbẹ̀: Kò sí níbẹ̀. Ìwé máàkì bẹ́ẹ̀dì keje ti sọnù. Ìwé tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fi orúkọ sílẹ̀ ní wọ́ọ̀dù náà ti bá a lọ. Olùdánwò kan ti rìnrìn-àjò lọ sókè òkun, kò fèsì lẹ́tà. Èkejì ní àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí òun dán wò lọ́sẹ̀ náà pọ̀, òun kò lè fi ojú ẹnikẹ́ni búra. Nígbà tí Dókítà dé ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń bójú tó ìdánwò, ọkùnrin tó wà níbẹ̀ kò tilẹ̀ gbójú sókè. Ó ní bó bá wà níbẹ̀, kó mú ẹ̀rí wá.

Báwo ni èèyàn ṣe ń mú ẹ̀rí wá pé òun wà níbi tí òun wà? Ẹni tó sọ ìwé nù ń gba owó-oṣù rẹ̀ lọ. Ẹni tó kàwé ni wọ́n ń bi ní ìwé.

Aago mẹ́sàn-án òwúrọ̀ yìí ni ẹjọ́ náà tún bọ́ sí. Lọ́yà wọn ti sọ ọ́ fún wọn láìfi bò pé ẹnu Dókítà nìkan kò tó. Ìrètí kan ṣoṣo ló kù, òun ni aláìsàn tó sùn sórí bẹ́ẹ̀dì keje. Gbogbo ohun tí Dókítà lè sọ nípa rẹ̀ kò ju pé ó jẹ́ bíríkìlà tó ti fẹ̀yìn tì, pé ó fẹ́ràn àwàdà, àti pé òun bẹ àwọn olùdánwò kí wọ́n wo ẹsẹ̀ rẹ̀. Ilé ìwòsàn kọ̀ láti sọ ibi tó ń gbé. Oṣù méjì ni ìyá fi ń lọ láti ibi tí wọ́n ti ń gé búlọ́ọ̀kù kan sí òmíràn, tó ń béèrè bíríkìlà àgbà kan tí inú rẹ̀ wú nígbà báyìí-báyìí, títí ẹnì kan tó ń po sìmẹ́ǹtì fi sọ pé, "Ẹ̀n-ẹ́n, ọ̀gá mi àtijọ́ nìyẹn. Òdìkejì odò ló wà." Bàbá àgbà náà ti ṣèlérí pé òun á wá.

Bí ìyá ti ń da tíì sí ife ọkọ rẹ̀ ni fóònù dún. Ọmọ bàbá bíríkìlà ni.

"Màmá, ẹ má bínú. Ọkọ̀ tó yẹ kó gbé bàbá kò wá. Òjò àná ti gbá ọ̀nà tó wọlé wa lọ. Ẹsẹ̀ wọn náà kò lágbára láti rìn dé títì. Wọ́n ti wọṣọ láti ìdájí, wọ́n jókòó sẹ́nu ọ̀nà..."

Ìyá fi fóònù sílẹ̀ lórí tábìlì. Ohùn inú rẹ̀ ti dé etí gbogbo wọn.

"Ó tán," ni bàbá wí. Ó fa lẹ́tà náà mọ́ra, ó sì tì í sí iwájú ọmọ rẹ̀. "Fọwọ́ sí i."

"Bàbá Dókítà!"

"Kí ó fọwọ́ sí i, mo ní. Ọdún kan péré ni. Ọdún kan kì í pa èèyàn. Ta lẹ rò pé ẹ̀ ń bá jà? Ẹni tó ni ilẹ̀kùn ló ni kọ́kọ́rọ́. Bí wọn ò bá fẹ́ kó wọlé, ó di kó dúró síta títí irun orí rẹ̀ á fi funfun."

"Ẹ ní kó kọ ọ́ pé òun kò lọ?"

"Ìwé lásán ni!"

"Ìwé lásán." Ìyá dìde. "Ọmọ tí yóò máa tọ́jú ẹ̀mí èèyàn, irọ́ ni kó fi bẹ̀rẹ̀. Lọ́jọ́ tó bá fún èèyàn ní oògùn tí kò tọ́, kó kọ ọ́ pé òun kò sí níbẹ̀, àbí? Ẹ̀yin lẹ óò ti kọ́ ọ."

"O fẹ́ kó jókòó sílé pẹ̀lú òtítọ́? Òtítọ́ dọ́jà, ó kù tà. O ò mọ bó ṣe máa ń rí lára mi tí wọ́n bá ń bi mí níbi iṣẹ́ pé ìgbà wo lọmọ mi ń jáde!"

"Ó ń dùn yín, kò dun òun?"

"Màámi," ni Dókítà wí, ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀. "Bàámi. Ẹ jọ̀wọ́."

Bàbá wo ojú ọmọ rẹ̀. Ó mú kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ akẹ́rù kékeré tó fi ń kó irin, ó jáde láìfọwọ́ kan oúnjẹ. Wọ́n gbọ́ tí ọkọ̀ náà wúkọ́ lẹ́ẹ̀mejì kó tó gbéra.

"Kí wọ́n máa lọ síbi iṣẹ́ wọn," ni ìyá wí fún ilẹ̀kùn. "Ẹni tí kò ní í báni ru ẹrù, kó má ṣáà jókòó lé e." Ṣùgbọ́n nígbà tó gbé búrẹ́dì ọkọ rẹ̀ kúrò lórí tábìlì, kò jù ú nù. Ó fi abọ́ bò ó.

Kò pẹ́ ni alágbàfọ̀ tó ń gbé yàrá kejì kan ilẹ̀kùn. Ó gbé ṣẹ́ẹ̀tì funfun àti yẹ̀rì dúdú Dókítà lọ́wọ́, ó ti lọ̀ wọ́n títí eṣinṣin á fi yọ̀ lórí wọn. Alágbàfọ̀ yìí kan náà ló ti sọ nídìí ẹ̀rọ omi lóṣù tó kọjá pé iná kì í jó kí èéfín má rú, pé bóyá oorun ló gbé ọmọ náà lọ lọ́jọ́ ìdánwò. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún ti dé etí ìyá. Alágbàfọ̀ náà mọ̀ pé ó ti dé ibẹ̀.

"Èló ni?" ni ìyá béèrè.

"Èló kẹ̀? Lónìí?" Obìnrin náà na aṣọ sí Dókítà, ojú rẹ̀ ń wo ilẹ̀. "Wọ̀ ọ́ lọ. Mo fi sítáàṣì díẹ̀ sí ọrùn rẹ̀ kó lè dúró. Kí ìwọ náà dúró."

"Ẹ ṣé gan-an, mà," ni Dókítà wí.

Ìyá wo alágbàfọ̀ pẹ́. Lẹ́yìn náà ó bu tíì ọkọ rẹ̀ tó ti ń tutù lọ fún un, àwọn méjèèjì sì dúró sẹ́nu ọ̀nà.

Kóòtù náà kún. Fáànù òkè ń yí bí ẹni tó ti jẹun yó. Lọ́yà wọn, ọ̀dọ́mọbìnrin kan tí aṣọ dúdú iṣẹ́ rẹ̀ ti ń ṣá, pàdé wọn ní ẹnu àtẹ̀gùn. Láti ìjókòó kejì ló ti ní kí wọ́n má san ohunkóhun fún òun mọ́, àfi owó ọkọ̀.

"Ẹlẹ́rìí wa dà?" ó béèrè.

Dókítà mi orí. Lọ́yà náà mí kanlẹ̀, kò bínú. "Ó dáa. Màá bẹ adájọ́. Ẹ jẹ́ ká máa wò ó."

Ibẹ̀ náà ni lọ́yà yunifásítì ti rí wọn. Kì í ṣe èèyàn burúkú. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́ sí Dókítà bí àbúrò bàbá rẹ̀, ó gbé ẹ̀dà lẹ́tà náà lé orí fáìlì rẹ̀, ó sì na bírò sí i. "Ọmọ mi, mo ní ọmọ tó jẹ́ ẹgbẹ́ rẹ. Ká ti parí rẹ̀ níbí ló dáa. Wọ́n ní ẹlẹ́rìí yín kò lè wá."

Ta ló sọ fún un? Kò sẹ́ni tó béèrè. Irú àwọn ilé báyìí, ògiri wọn gan-an létí.

Dókítà gba bírò náà. Ìyá rẹ̀ di báàgì rẹ̀ mú títí iṣan fi yọ lẹ́yìn ọwọ́ rẹ̀. Ọmọ náà ka lẹ́tà náà láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ó rẹ̀ ẹ́. Oṣù mẹ́jọ ti rẹ̀ ẹ́ débi pé ìlà kékeré ìsàlẹ̀ yẹn dà bí ẹní tí èèyàn lè na ara lé.

"Sà, ṣé mo lè fagi lé gbólóhùn àkọ́kọ́?"

"Èwo?"

"Ibi tí wọ́n ti ní mi ò wá."

Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Èyí tó ṣe pàtàkì jù nìyẹn."

Dókítà dé bírò náà, ó dá a padà pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì. "Ẹ ṣé, sà. Mo wà níbẹ̀."

Nígbà tí wọ́n pe ẹjọ́ wọn, lọ́yà yunifásítì ní ẹlẹ́rìí tí wọ́n ń sọ yìí, àfi kó jẹ́ iwin. Lọ́yà wọn dìde, ó sọ ti òjò, ti ọ̀nà tó ti bàjẹ́, ti arúgbó tó ti wọṣọ láti ìdájí. Adájọ́, ọkùnrin onígíláàsì kan tí kì í yára sọ̀rọ̀, wo aago ara ògiri.

"Títí di aago méjìlá," ó ní. "Lẹ́yìn ìyẹn, ohun tó bá wà níwájú mi ni màá fi dájọ́."

Ìyá àti ọmọ jókòó sórí bẹ́ǹṣì nínú ọ̀nà ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ìyá tú ẹyin bíbọ̀ méjì jáde láti inú ìwé, ó ń bó o.

"Jẹun."

"Kò lè lọ."

"Jẹ ẹ́ kó lọ. Bí ó bá já sí rere, wàá nílò okun. Bí kò bá já síbẹ̀, okun náà lo máa nílò." Ó fi iyọ̀ díẹ̀ sí i. Lẹ́yìn náà, bí ẹni tó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í dárúkọ àwọn èèyàn. Ẹni tó ń po sìmẹ́ǹtì. Àwọn ẹlẹgbẹ́ Dókítà méjì tó wá jẹ́rìí pé àwọn rí i tó wọ wọ́ọ̀dù, bí wọ́n tilẹ̀ mọ̀ pé ilé-ẹ̀kọ́ lè fi ojú wọn rí màbo. Lọ́yà yìí. Oníbàárà rẹ̀ tó fún wọn ní ìrẹsì ní oṣù tí ọwọ́ há. "Ohun yòówù kí wọ́n sọ ní aago méjìlá, a rí èèyàn, Dókítà. A rí èèyàn gan-an. Ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kó ni lẹ́rù lọ ni."

"Alágbàfọ̀ ńkọ́?"

Ìyá jẹ ẹyin rẹ̀ fún ìgbà díẹ̀. "Òun náà," ó ní.

Ó ku ìṣẹ́jú mẹ́tàdínlógún kí aago méjìlá lù nígbà tí ariwo dé láti ẹnu géètì. Ẹ̀ṣọ́ ń sọ pé irú ọkọ̀ yẹn kò lè wọlé. Ẹnì kan ń dá a lóhùn pé kó wá fi ọwọ́ rẹ̀ dá a dúró. Ìyá mọ ohùn yẹn. Ó dìde, èèpo ẹyin bọ́ sílẹ̀ lára rẹ̀.

Bàbá ló ń bọ̀. Ẹrẹ̀ dé orúnkún rẹ̀, ẹ̀yìn ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ tutù jìnnìjìnnì. Arúgbó kan fi apá gbá a lọ́rùn, ó wọ ẹ̀wù kóòtù aláwọ̀ eérú, ó dé fìlà, ẹsẹ̀ rẹ̀ òsì ń wọ́ nílẹ̀ díẹ̀. Aṣọ arúgbó náà mọ́ tónítóní. Ẹrẹ̀ kankan ò kàn án.

"Dókítà mi!" ni arúgbó náà ké. "Ṣé wọ́n ní o ò sí níbẹ̀? Kí wọ́n wá sọ ọ́ lójú mi."

Nínú kóòtù, wọ́n fún un ní àga, ó kọ̀ ọ́. Ó ní òun á dúró, nítorí òtítọ́ kì í fìdí jókòó. Lọ́yà yunifásítì dìde láti bi í ní ìbéèrè.

"Bàbá, ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi ṣe ìdánwò ní wọ́ọ̀dù yẹn. Akẹ́kọ̀ọ́ bíi mélòó ló yẹ̀ yín wò?"

"Wọ́n tó mẹ́sàn-án."

"Aṣọ funfun kan náà ni gbogbo wọn wọ̀. Báwo lẹ ṣe wá dá ẹnì kan mọ̀ lẹ́yìn oṣù mẹ́jọ?"

"Ọmọ mi, ogójì ọdún ni mo fi to búlọ́ọ̀kù. Gbogbo búlọ́ọ̀kù ló jọra lójú yín. Èmi mọ èyí tó máa là."

Ẹ̀rín sọ. Adájọ́ kan tábìlì, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ ẹnu tirẹ̀ náà ti gbéra.

"Ẹ jẹ́ n sọ fún yín," ni arúgbó náà ń bá a lọ. "Inú mi ni wọ́n kọ sílẹ̀ pé ó ń ṣe mí. Inú ni gbogbo wọn tẹ̀. Wọ́n tẹ̀ ẹ́ bí ìyẹ̀fun. Ọmọ yìí tẹ inú tán, ó fi aṣọ bò mí padà, ó wá ní, 'Bàbá, ṣé mo lè wo ẹsẹ̀ yín?' Mo ní ẹsẹ̀ kọ́ ló ń dùn mí. Ó ní òun mọ̀, ṣùgbọ́n kí n fojú àánú wo òun. Ó wò ó. Ọ̀kan ti tóbi ju èkejì lọ, èmi tí mo ni ín ò mọ̀. Ó yíjú sí àwọn ọ̀gá méjèèjì, ó ní ẹ̀jẹ̀ lè ti dì sínú ẹsẹ̀ bàbá yìí o, kí wọ́n tètè wò ó. Ọ̀gá tó ga yẹn ní kó dojú kọ ìdánwò rẹ̀. Ó ní òun ti gbọ́, sà, ṣùgbọ́n kí wọ́n jọ̀ọ́ wò ó. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni wọ́n gbé mi lọ yẹ̀ wò. Ẹ̀jẹ̀ ti dì lóòótọ́. Wọ́n ní bó bá gun òkè dé ẹ̀dọ̀fóró, ó ti parí nìyẹn."

Lọ́yà yunifásítì wo fáìlì rẹ̀.

"Bàbá, ẹnu yín lásán—"

"N kò mú ẹnu lásán wá." Arúgbó náà fa ọ̀rá kan yọ láti inú àpò àyà ẹ̀wù rẹ̀. Káàdì ilé ìwòsàn rẹ̀ ló wà nínú rẹ̀. "Èmi kì í sọ ìwé nù."

Káàdì náà lọ láti ọwọ́ lọ́yà dé ọwọ́ adájọ́. Adájọ́ yọ gíláàsì, ó tún gbé e sójú, ó kà á sókè. Déètì ọjọ́ ìdánwò ló wà lókè. Lábẹ́ rẹ̀, wọ́n fi ọwọ́ kọ ọ́ pé ẹsẹ̀ òsì wú, pé kí wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò ní kíákíá, pé akẹ́kọ̀ọ́ onínọ́ńbà mọ́kànlélógójì ló kíyè sí i lẹ́nu ìdánwò. Olùdánwò tí kò lè fi ojú ẹnikẹ́ni búra ló fọwọ́ sí i.

"Ta ni nọ́ńbà mọ́kànlélógójì?" ni adájọ́ béèrè.

Ọkùnrin ọ́fíìsì ìdánwò ṣí ìwé tó wà níwájú rẹ̀. Ó ṣí i pẹ́. Nígbà tó yá, ó gbójú sókè wo Dókítà, ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tó máa wo ojú rẹ̀.

"Òun ni, olúwa mi."

Adájọ́ ní kì í ṣe iṣẹ́ kóòtù láti fún èèyàn ní máàkì. Ṣùgbọ́n ó pàṣẹ pé kí yunifásítì pa ọ̀rọ̀ mẹ́ta yẹn rẹ́ kí ọjọ́ náà tó ṣú. Kí wọ́n wá máàkì ọmọ náà rí lọ́wọ́ àwọn olùdánwò láàárín ọjọ́ mẹ́rìnlá. Bí wọn kò bá rí i, kí wọ́n dá ọjọ́ ìdánwò kan ṣoṣo yẹn fún un, níwájú olùdánwò tó wá láti ibòmíràn, láìsí pé ó ń tún ọdún kankan kà. Ó yíjú sí lọ́yà yunifásítì. "Ẹni tó gbé adìẹ òtòṣì, ó gbé ti aláròyé. Ẹ bá mi sọ fún àwọn tó rán yín."

Nígbà tí wọ́n délé, alágbàfọ̀ ti dáná sílẹ̀ fún wọn. Ìrẹsì ni àti ọbẹ̀ ẹja, ìkòkò rẹ̀ sì tóbi ju ti ilé kan lọ. Àwọn aládùúgbò ń wọlé, wọ́n ń jáde, oníkálukú ní ẹ̀ya ìtàn tirẹ̀. Arúgbó náà jókòó sórí àga tó dára jù nínú ilé, ó jẹun bí ẹni tó ṣiṣẹ́.

"Bàbá, báwo la ṣe máa dúpẹ́ lọ́wọ́ yín?" ni ìyá béèrè.

"Ẹ má dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Oṣù mẹ́jọ tí mo fi ń jẹun, ta ló fún mi?" Ó fi ṣíbí tọ́ka sí bàbá. "Ẹni tẹ́ ẹ máa dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Ó já ọkọ̀ sílẹ̀ lójú títì, ó fẹsẹ̀ wọ inú ẹrẹ̀ wá bá mi. Mo ní mi ò lè rìn ín. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbé mi pọ̀n. Èmi, pẹ̀lú egungun yìí! Mo ní kí ó sinmi lágbedeméjì, ó ní aago ò dúró."

Bàbá ń wá egungun nínú ẹja tí kò ní egungun.

Dókítà lọ jókòó tì í.

"Mo ní kó o fọwọ́ sí i," ni bàbá wí.

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

"Ẹ̀rù ló bà mí. Mi ò fẹ́ kí wọ́n tún já ọ kulẹ̀ lójú mi." Ó nu ọwọ́. "Mo wọ ọkọ̀, mo ń lọ síbi iṣẹ́. Mo dé oríta, mo wá ń rò ó pé bí ìwọ bá lè bẹ̀ wọ́n kí wọ́n wo ẹsẹ̀ ẹni tí o ò mọ̀ rí, nínú ìdánwò tìrẹ..."

"Ẹ ṣé, Bàámi."

"Lọ sùn. O ò sùn láti àná."

Ìyá gbé abọ́ ọkọ rẹ̀, ó tún bu ìrẹsì sí i láìbi í bó fẹ́. Ó mú ẹja tó tóbi jù nínú ìkòkò, ó fi lé e lórí. Bàbá wo ẹja náà, ó wo ìyàwó rẹ̀. "O ṣé," ó ní. Nígbà tó jẹ ẹ́ tán, òun àti arúgbó náà wọ ọkọ̀, kí ilẹ̀ tó ṣú bá wọn lójú ọ̀nà búburú yẹn.

Oòrùn ò tíì wọ̀ nígbà tí oníbàárà ìyá kan dé. Ọ̀la ni ìnáwó rẹ̀, ìyá sì ti ṣèlérí aṣọ rẹ̀ fún òní. Obìnrin náà ti ń bọ̀ tìjà-tìjà láti ojú títì. Ìyá sáré pàdé rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, ó fi ìka lé ẹnu.

"Ẹ dákun," ó sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́. "Màá jí rán an fún yín ní kùtùkùtù. Dókítà ló ń sùn. Mi ò fẹ́ kí ẹ̀rọ mi jí i."

Obìnrin náà na ọrùn wo inú ilé. Ọmọ náà sùn sórí ìjókòó gígùn, ṣẹ́ẹ̀tì funfun ṣì wà lọ́rùn rẹ̀, ó la ẹnu sílẹ̀ bí ọmọ ọwọ́, ó ń hanrun.

"Wọ́n ti dá a láre?"

"Wọ́n ti dá a láre."

Oníbàárà náà kò tún béèrè aṣọ. Ó bọ́ bàtà rẹ̀ tó ń ró kọ́kọ́kọ́, ó kó o sọ́wọ́, ó sì fi ẹsẹ̀ lásán rìn jẹ́jẹ́ jáde nínú àgbàlá.